Òdòdó Ọ̀gẹ̀dẹ̀ Nínú Igbá: Bí A Ti Í Pò Ó Bí Ti Àwọn Ará Bọ́mà

Ní Ọ̀yọ́ àti ní Ògbómọ̀ṣọ́, ẹ̀yìn balùwẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń gbin ọ̀gẹ̀dẹ̀ sí. Ìdí rẹ̀ kò fara sin: ibẹ̀ ni omi ìwẹ̀ ń ṣàn gbà, ilẹ̀ ibẹ̀ kì í sì í gbẹ tán, àní nígbà tí ọyẹ́ bá mú tí koríko gbogbo ti gbẹ. Nígbà tí ọ̀gẹ̀dẹ̀ yìí bá so, ohun kan a máa rọ̀ sí ìsàlẹ̀ àwọn ọmọ rẹ̀, ó pupa rúsúrúsú, ó ṣóńṣó lẹ́nu, ó sì tóbi tó ọkàn màlúù. Òdòdó ọ̀gẹ̀dẹ̀ nìyẹn. Àwọn ọmọdé a máa fi èèpo rẹ̀ ṣe ọkọ̀ ojú omi nígbà òjò. Ewúrẹ́ a máa jẹ ẹ́ bí ó bá já bọ́. Àgbàlagbà kì í tilẹ̀ wò ó lẹ́ẹ̀mejì. Àwọn Yorùbá ti sọ nípa ìtì ọ̀gẹ̀dẹ̀ pé kò tó ohun tí à ń pọ́n àdá sí. Òdòdó rẹ̀ kò tilẹ̀ rí ẹni pa òwe mọ́ ọn.

Ní ilẹ̀ Bọ́mà, orílẹ̀-èdè tí ìjọba rẹ̀ yí orúkọ rẹ̀ padà sí Myanmar ní 1989, òwe yìí kò ní rí ẹni gbà á. Àárín ìtì ọ̀gẹ̀dẹ̀, èyí tí ó funfun tí ó sì rọ̀, ni wọ́n ń rẹ́ sínú mohinga, ọbẹ̀ ẹja tí wọ́n fi ń jẹ oúnjẹ onífọ́nrán tí a fi ìrẹsì ṣe ní òwúrọ̀. Òdòdó rẹ̀ ẹ̀wẹ̀, wọ́n ń bọ̀ ọ́, wọ́n ń rẹ́ ẹ wẹ́wẹ́, wọ́n sì ń fi ọwọ́ pò ó mọ́ òróró, àlùbọ́sà díndín, ẹ̀pà, edé àti omi ọsàn wẹ́wẹ́. Thoke ni wọ́n ń pe irú oúnjẹ bẹ́ẹ̀, ìtumọ̀ orúkọ náà kò sì ju ohun tí a fi ọwọ́ pò lọ. Wọ́n ní thoke ewé tíì, wọ́n ní ti tòmátì, wọ́n ní ti jínjà. Ti òdòdó ọ̀gẹ̀dẹ̀ jẹ́ ọ̀kan láàárín wọn.

Orúkọ Bọ́mà kì í ṣe àjèjì ní ilẹ̀ Yorùbá. Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, láàárín 1943 sí 1945, ọ̀pọ̀ ọmọ Nàìjíríà ni ó jà níbẹ̀ nínú ẹgbẹ́ ọmọ ogun Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà 81 àti 82. Ọ̀kan nínú wọn ni Isaac Fadoyebo, ọmọ abúlé kan ní ẹ̀bá Ọ̀wọ̀. Ọta ìbọn bà á ní àfonífojì Kaladan ní oṣù kẹta 1944. Láti ìgbà náà títí di oṣù kejìlá ọdún yẹn, òun àti David Kargbo, ọmọ ilẹ̀ Sàró, kò lè rìn jáde nínú igbó àwọn ọ̀tá. Àwọn ará abúlé tí ó wà nítòsí ni ó ń bọ́ wọn, tí wọ́n sì pa wọ́n mọ́. Fadoyebo kọ ìtàn náà sínú ìwé kí ó tó kú ní 2012. Oúnjẹ irú àwọn àgbẹ̀ bẹ́ẹ̀ ni thoke, kò sì yẹ kí a fi ojú oúnjẹ ìyanu àwọn òkèèrè wò ó.

Ohun tí ó mú kí ọ̀rọ̀ yìí kan olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́ ni ọ̀rọ̀ owó ẹ̀fọ́. Láti oṣù kìn-ín-ní títí òjò yóò fi rọ̀, tẹ̀tẹ̀ àti ṣọkọ inú oko ti gbẹ. Kìkì èyí tí wọ́n ń bomi rin ní ẹ̀bá odò ni ó ń wọ ọjà Akẹ̀sán ní Ọ̀yọ́ àti àwọn ọjà Ògbómọ̀ṣọ́. Owó tí akẹ́kọ̀ọ́ kọ́lẹ́jì ní Ọ̀yọ́, tàbí ti yunifásítì LAUTECH ní Ògbómọ̀ṣọ́, fi ń ra ẹ̀fọ́ ìkòkò kan nígbà òjò kì í tó ra ààbọ̀ ìkòkò nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ kò mọ irú àkókò bẹ́ẹ̀. Bí omi bá ti wà ní ìdí rẹ̀, oṣù tí ó bá wù ú ni ó ń yọ òdòdó, ọ̀fẹ́ sì ni òdòdó náà títí di òní.

Ibi tí ọ̀pọ̀ ènìyàn yóò ti kọ́kọ́ kùnà ni irú ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí wọn yóò lọ bá. Bí a bá ti dárúkọ ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí a ń sè, àgbagbà ni ó ń wá sí ọkàn. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá lọ dúró ní ìdí àgbagbà tí ó ti so tán, tí ó ní òun ń wá òdòdó, yóò dúró pẹ́. Àgbagbà tiwa kì í pa òdòdó rẹ̀ mọ́: bí ó bá ti yọ àwọn ọmọ rẹ̀ ńláńlá tán, òdòdó ìdí rẹ̀ a rọ, a gbẹ, a sì dàwátì. Àwọn onímọ̀ tilẹ̀ ń fi èyí mọ irú ọ̀gẹ̀dẹ̀ kan yàtọ̀ sí òmíràn. Agbagba gan-an ni orúkọ tí wọ́n ń pe ọ̀kan nínú àwọn tí òdòdó wọn kì í pẹ́ yìí nínú ìwádìí IITA ní Ìbàdàn, ilé-iṣẹ́ tí a dá sílẹ̀ ní 1967. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́, èyí tí a ń jẹ ní pípọ́n láìsè, ni kí a lọ bá. Òun ni òdòdó rẹ̀ ń rọ̀ títí ọmọ rẹ̀ fi gbó.

Ó ṣeé ṣe kí ìdí tí a kò fi mọ òdòdó ọ̀gẹ̀dẹ̀ ní oúnjẹ wà níbẹ̀. Apá gúúsù ìlà-oòrùn Éṣíà àti erékùṣù New Guinea ni ọ̀gẹ̀dẹ̀ ti ṣẹ̀, láyé àtijọ́ ni ó sì ti dé Áfíríkà. Àwọn tí ó kù sí ibi tí ó ti ṣẹ̀ kò yé jẹ òdòdó rẹ̀: wọ́n ń jẹ ẹ́ ní Fẹtinámù, ní Filipínì, ní Síríláńkà, ní ilẹ̀ Bẹ̀ngálì àti ní gúúsù Íńdíà. Níhìn-ín, ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí àwọn baba wa fẹ́ràn jù ni èyí tí kò ní òdòdó tí à bá jẹ.

Olùkọ́ ìmọ̀ ẹ̀dá oníyè lè fi òdòdó yìí kọ́ ọmọ lẹ́kọ̀ọ́ kí ó tó dé inú ìkòkò. Abo òdòdó ni ó kọ́kọ́ ń yọ lára ọ̀pá ọ̀gẹ̀dẹ̀, àwọn ni ó ń di ọmọ. Akọ òdòdó ni ó kẹ́yìn, àwọn ni ó sì wà ní ìdì nínú ohun pupa tí ó rọ̀ sísàlẹ̀. Akọ kò ní di ọmọ láé. Nítorí náà, ẹni tí ó bá gé e kò dín ọ̀gẹ̀dẹ̀ onílé kù, bí ó bá ti lè dúró kí ọmọ yọ tán ná. Àmì rẹ̀ ni pé ọ̀pá tí ó wà láàárín ọmọ ìkẹyìn àti òdòdó yóò ti gùn tó ìbú àtẹ́lẹwọ́ kan tàbí méjì. Àwọn àgbẹ̀ ibòmíràn tilẹ̀ ń yọ ọ́ kúrò fún àǹfààní ọ̀gẹ̀dẹ̀ fúnra rẹ̀, kí oúnjẹ tí òdòdó ìbá máa fà lè lọ sára ọmọ. Ní Uganda, láti ìgbà tí àrùn kan tí ń mú ọ̀gẹ̀dẹ̀ rọ ti wọlé ní 2001, ni wọ́n ti ń kọ́ àwọn àgbẹ̀ pé kí wọ́n máa yọ òdòdó náà, nítorí pé ibẹ̀ ni kòkòrò ń gbé àrùn wọ̀. Wọ́n sì ní kí wọ́n má fi ọ̀bẹ gé e, igi ẹlẹ́ka méjì ni kí wọ́n fi lọ́ ọ títí yóò fi já, kí ọ̀bẹ má baà gbé àrùn láti ìdí kan dé èkejì. Irú igi bẹ́ẹ̀ wúlò níhìn-ín pẹ̀lú, nítorí òdòdó náà máa ń ga ju ọwọ́ lọ.

Wọn kì í pàtẹ òdòdó ọ̀gẹ̀dẹ̀ ní ọjà wa, nítorí náà ẹnu ni a ó fi tọrọ rẹ̀. Bí ọ̀dọ́ olùkọ́ bá lọ kúnlẹ̀ kí ìyá onílé, tí ó sì wí pé, "Ẹ kú ilé, mà. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ jẹ́ kí n já òdòdó ọ̀gẹ̀dẹ̀ yín kan," ó ṣeé ṣe kí ìyá bi í pé, "Ewúrẹ́ mélòó lo ń sìn, ọmọ mi?" Kí ó má ṣe bínú. Kí ó sọ òtítọ́ fún un, kí ó sì gbé díẹ̀ padà wá fún ìyá nígbà tí ó bá pò ó tán. Èyí tí a ń wá ni èyí tí èèpo rẹ̀ pa mọ́ ara wọn gírígírí, tí ó wúwo lọ́wọ́. Èyí tí èèpo rẹ̀ ti ń ká sókè, tí ó ti rọ, ti pẹ́ jù.

Ọ̀rọ̀ pàtàkì kejì ni oje. Kò sí ẹni tí ó gbin ọ̀gẹ̀dẹ̀ rí tí kò mọ ohun tí oje rẹ̀ ń fi aṣọ ṣe. Ọṣẹ kò ràn án. Oje kan náà ni ó ń mú kí òdòdó tútù fún ẹnu pọ̀. Àwọn ará Ògbómọ̀ṣọ́, tí kajú pọ̀ ní ìlú wọn, yóò mọ ohun tí à ń wí bí wọ́n bá rántí bí èso kajú tí kò tíì pọ́n dáadáa ti máa ń so ahọ́n àti ọ̀fun. Kì í ṣe kíkorò bí ewúro. Ewúro, bí a bá bọ́ ọ lọ́nà tí ó yẹ, kíkorò rẹ̀ a lọ sínú omi. Ìfúnnilẹ́nu ti òdòdó ọ̀gẹ̀dẹ̀ kò lè lọ nípa bíbọ́ nìkan. Iyọ̀, ohun kíkan àti iná ni ó ń ṣẹ́gun rẹ̀, mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pọ̀. Ẹni tí ó bá fo ọ̀kan nínú wọn ni yóò jẹ ẹ́ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo tí yóò sì sọ fún gbogbo ayé pé kì í ṣe oúnjẹ.

Kí a tó fi ọ̀bẹ kàn án, kí a wọ aṣọ iṣẹ́, kí a fi òróró díẹ̀ pa ọwọ́ àti ẹnu ọ̀bẹ. Kí a bu omi tútù sínú abọ́ ńlá, kí a fi iyọ̀ ṣíbí kan sí i, kí a sì fún ọsàn wẹ́wẹ́ kan sí i. Lẹ́yìn náà ni kí a bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí èèpo pupa náà lọ́kọ̀ọ̀kan. Àwọn ti òde le, wọn kò ṣeé jẹ, ṣùgbọ́n kí a tọ́jú méjì tí ó mọ́ jù sí apá kan. Lábẹ́ èèpo kọ̀ọ̀kan ni òdòdó wẹ́wẹ́ wà, tí wọ́n tò bí ìka ọmọ titun. Nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ni ohun méjì wà tí a gbọ́dọ̀ yọ: èkíní ni igi tín-ínrín kan tí ó le, tí orí rẹ̀ ṣe kókó bí ìṣáná, èkejì ni awẹ́ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kan tí ó ń dán bí ọ̀rá, ní ìdí òdòdó. Iná kì í rọ méjèèjì. Iṣẹ́ yìí gba sùúrù, ó sì dára kí a jókòó ṣe é pẹ̀lú ẹlòmíràn bí ìgbà tí à ń ṣa ẹ̀wà. Bí a bá ti ń wọ inú lọ, àwọn òdòdó a máa kéré sí i, èèpo a máa funfun sí i, títí a ó fi dé ọkàn rẹ̀ tí ó funfun tí ó sì rọ̀, tí kò sí ohun kan tí a nílò láti yọ nínú rẹ̀. Kí a la ọkàn náà sí mẹ́rin. Ohunkóhun tí a bá ti tọ́jú, inú omi iyọ̀ ni kí ó bọ́ sí lójú ẹsẹ̀, nítorí bí afẹ́fẹ́ bá kàn án díẹ̀, yóò dúdú bí iṣu tí a bó tì.

Lẹ́yìn bí ìṣẹ́jú ogún, kí a da omi náà nù. Kí a gbé omi mìíràn kaná pẹ̀lú iyọ̀, bí ó bá sì ti hó ni kí a da òdòdó sí i. Ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sí ogún tó fún un. Ó jinná bí èékánná bá lè wọ inú ọkàn rẹ̀ láìsí wàhálà, síbẹ̀ kò gbọdọ̀ fọ́ bí ẹ̀fọ́ inú ìkòkò. Kí a dà á sínú ajọ̀, kí ó tutù, kí a fi àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì fún omi rẹ̀ dànù, kí a wá rẹ́ ẹ wẹ́wẹ́ ní ìbú. Àwọ̀ rẹ̀ yóò ti di bí eérú nígbà yìí. Kò ní ẹwà lójú. Ohun tí ń bọ̀ ni yóò tún un ṣe.

Kò sí ohun kan nínú èròjà àwọn ará Bọ́mà tí ọwọ́ wa kò tó, àfi méjì. Èkíní ni ìyẹ̀fun irú ẹ̀wà róbótó kan tí wọ́n ń yan kí wọ́n tó lọ̀ ọ́. Ìyẹ̀fun yìí ni ó ń mú kí òróró àti omi ọsàn di mọ́ òdòdó, kí wọ́n má ṣàn sí ìdí àwo. Ọ̀yọ́, ìlú tí gbẹ̀gìrì ti jẹ́ ọbẹ̀ ojoojúmọ́, kò lè ṣaláìní ohun tí yóò fi dípò. Kí a bó ẹ̀wà funfun bí ẹni tí ó fẹ́ se gbẹ̀gìrì, kí a bọ̀ ọ́ títí yóò fi rọ̀ láìfọ́, kí a sá a gbẹ, kí a yan án nínú agbada lórí iná tí kò le títí yóò fi máa ta sánsán bí ẹ̀pà, kí a sì lọ̀ ọ́. Kí ẹnikẹ́ni má ṣe fo bíbọ̀ náà, nítorí ẹ̀wà tí kò jinná ń da inú rú. Ẹni tí kò bá ní àkókò fún gbogbo èyí lè gún kúlíkúlì dáadáa, yóò ṣe iṣẹ́ kan náà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé adùn rẹ̀ yóò yàtọ̀ díẹ̀.

Èkejì ni omi ẹja tí wọ́n fi iyọ̀ rẹ fún oṣù púpọ̀, tí wọ́n ń lò dípò iyọ̀. Kí a gún edé gbígbẹ, kí a da omi gbígbóná ṣíbí mẹ́ta lé ṣíbí edé kan, kí a fi iyọ̀ sí i, kí a jẹ́ kí ó tutù, kí a sì sẹ́ ẹ. Àwọn kan yóò béèrè nípa ìrú. Ìbéèrè gidi ni, nítorí ní òkè ilẹ̀ Shan ní Bọ́mà, wọ́n ń fi ẹ̀wà sóyà ṣe ohun kan tí ó bá ìrú tan pátápátá, ní òórùn àti ní bí a ti ń ṣe é. Ìrú wóró díẹ̀, tí a dín nínú òróró, kò ní ba oúnjẹ yìí jẹ́. Bí ó bá pọ̀ ju ẹ̀kún ṣíbí kékeré kan lọ, ìrú nìkan ni a ó máa gbọ́.

Fún òdòdó ńlá kan, tí ó tó ènìyàn mẹ́rin, kí a gbé òróró ẹ̀pà ṣíbí mẹ́rin kaná. Kí a rẹ́ àlùbọ́sà ńlá kan sí méjì. Kí a dín ìlàjì rẹ̀ lórí iná tútù títí yóò fi pọ́n bí wúrà, kí a kó o kúrò, kí a dín aáyù awẹ́ mẹ́ta nínú òróró kan náà, kí a wá fi ata ilẹ̀ pupa díẹ̀ sí i kí òróró lè yọ àwọ̀. Òróró yìí ni ọkàn oúnjẹ náà. Bí aáyù bá jó, kí a da gbogbo rẹ̀ nù kí a tún un ṣe. Ìlàjì àlùbọ́sà tí ó kù, kí a rẹ́ ẹ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ní tútù, kí a fi omi ṣàn án.

Igbá ni ó dára jù láti fi pò ó, Ọ̀yọ́ kò sì ṣaláìní igbá, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé èyí tí wọ́n fín ní ọnà kì í ṣe ti iṣẹ́ yìí. Abọ́ alumíníọ̀mù kò bá omi ọsàn rẹ́. Kí a fọ ọwọ́ dáadáa. Kí a da òdòdó sí igbá, kí a da òróró náà lé e, kí a fi ìyẹ̀fun ẹ̀wà ṣíbí méjì sí i, kí a fún ọsàn wẹ́wẹ́ méjì, kí a da omi edé sí i díẹ̀díẹ̀, kí a fi ata gbígbẹ gígún sí i bí ẹnu bá ti gbà á, kí a sì fi ìka máa fún un pọ̀ jẹ́jẹ́. Ọwọ́ ni kí a lò, kì í ṣe ṣíbí. Ọwọ́ ni yóò sọ bí ó ti gbẹ tàbí bí ó ti tutù tó. Àlùbọ́sà tútù àti díndín ni yóò tẹ̀lé e. Ẹ̀pà yíyan, ṣíbí mẹ́ta tí a gún fọ́ díẹ̀, ni ó kẹ́yìn, kí ó má baà rọ̀. Kí a tọ́ ọ wò: kíkan ni ó yẹ kí ó ṣíwájú lẹ́nu, kí iyọ̀ tẹ̀lé e, kí ata sì dé lẹ́yìn.

A kò gbọdọ̀ fi ẹ̀pà ṣeré. Èyí tí ó ti bu, tí ó ti yí àwọ̀ padà tàbí tí ó ń korò, májèlé wà nínú rẹ̀ tí yíyan kì í pa tán. Kí ẹni tí edé tàbí ẹ̀pà máa ń mú ara rẹ̀ yún sì sọ ọ́ kí a tó bù fún un.

Àwọn kan yóò wí pé Yorùbá kì í jẹ ẹ̀fọ́ ní tútù. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n iná ti ra òdòdó yìí kí ó tó dé inú igbá. Ohun tí ó tutù nínú rẹ̀ kò ju àlùbọ́sà lọ, a sì ń fi àlùbọ́sà tútù jẹ ṣúyà. Àwọn mìíràn yóò wí pé oúnjẹ òtòṣì ni. Yánrin àti ebòlò náà, inú igbó ni wọ́n ti ń ṣa wọ́n, kò sì sí ẹni tí ń kọ̀ wọ́n nínú ọbẹ̀. Ohun tí kò yẹ kí a gbà ni ọ̀rọ̀ àwọn tí ń sọ pé òdòdó ọ̀gẹ̀dẹ̀ ń wo àrùn ìtọ̀ ṣúgà tàbí ẹ̀jẹ̀ ríru. Ẹ̀fọ́ ni. Omi ni ó pọ̀ jù nínú rẹ̀, ó ní okùn tí ń mú kí ìgbẹ́ rọrùn, ó sì ní èròjà pòtásíọ̀mù. Agbára tí ó wà nínú oúnjẹ yìí, láti ara ẹ̀pà, ẹ̀wà, edé àti òróró ni ó ti wá. Ẹni tí ó bá ń lo oògùn, kí ó má ṣe fi í sílẹ̀ nítorí rẹ̀.

Kò bá àmàlà lọ, nítorí kì í yọ̀. Ìrẹsì funfun ni wọ́n ń fi jẹ ẹ́ ní Bọ́mà, ó sì bá ẹ̀kọ tútù mu ju bí ènìyàn ti lè rò lọ. Ọjọ́ tí a bá pò ó ni kí a jẹ ẹ́ tán. Òdòdó tí a ti bọ̀ nìkan, tí a kò tíì fi nǹkan kan sí, ni ó lè sùn nínú ẹ̀rọ amómitutù di ọjọ́ kejì, bí iná kò bá lọ. Èèpo pupa méjì tí a tọ́jú ní ìṣáájú ni a ó bù ú sí bí àwo fún ìyá onílé. Ìyókù èèpo, kí a dà wọ́n fún ewúrẹ́.